Ọgbà Tí Ọdún Ti Ń Hù

  

Ní oṣù Èbìbí, àbúrò mi tó ń ṣòwò ní Àbíjàn pè mí lórí fóònù. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ jọ̀ọ́, ọdún iṣu ilé wa, ṣé ẹ ò lè sún un sí oṣù Ọ̀pẹ? Ìgbà yẹn ni gbogbo wa máa ń wálé." Òótọ́ ló sọ. Ta ni kò lẹ́bí ní Côte d'Ivoire nínú àwa ọmọ Èjìgbò? Ó tún ní àwọn ọmọ Òrìṣà ní Salvador, ní Brazil, Ọjọ́ Àìkú ni wọ́n ń ṣe ọdún odó Ògìyán tiwọn, Òrìṣà ò sì bá wọn jà.

Mi ò dá a lóhùn lọ́jọ́ náà. Ọgbà iṣu tí ìyá wa fi sílẹ̀ ni mo lọ.

Ẹ jẹ́ ká rò ó wò. Oṣù méjìlá là ń pè ní ọdún, àjọ̀dún Òrìṣà náà là ń pè ní ọdún. Kí kàlẹ́ńdà tó dé, ebè ló ń sọ fún wa pé ọdún ti yí po. Ìdí nìyẹn tí ẹnikẹ́ni nínú ilé wa kì í fi í fẹnu kan iṣu tuntun kí Òrìṣà tó jẹ ẹ́, bí ọkọ̀ akẹ́rù tiẹ̀ ti já a sọ́jà.

Iṣu kì í gba ìkánjú. Tí a bá wà á tán, sísùn ló ń sùn: oṣù méjì, mẹ́ta, nígbà mìíràn mẹ́rin. Bomi rin ín, gbé e sóòrùn, bínú sí i, bí àsìkò rẹ̀ kò bá tó, kò ní hù.

Èyí tó wá ṣe pàtàkì jù ni pé iṣu funfun tó tètè ń ta, ẹ̀ẹ̀mejì là ń wà á. Ní nǹkan bí Agẹmọ sí Ògún, nígbà tí ìtàkùn ṣì tutù, a ó fẹ̀sọ̀ tú ẹ̀gbẹ́ ebè, a ó gé iṣu náà kúrò lábẹ́ orí rẹ̀, a ò ní jẹ́ kí gbòǹgbò já, a ó sì kó erùpẹ̀ padà bò ó. Èyí là ń gún fún Òrìṣà. Orí tó kù nílẹ̀ á tún ta kéékèèké. Nígbà tí ewé bá gbẹ ní ìparí ọdún, àwọn kéékèèké yẹn ni èbù ọdún tó ń bọ̀.

Ẹni tó bá dúró di Ọ̀pẹ kó tó wa ti àkọ́kọ́, kò sí ẹlẹ́ẹ̀kejì mọ́.

Mo mọ̀ nítorí mo ti ṣe é rí. Ọdún kan tí owó ń wọlé lọ́jà, mo ní iṣu á dúró dè mí. Bélú ni mo tó débẹ̀, ìtàkùn ti gbẹ. Iṣu ńlá ni lóòótọ́, a sì jẹ ẹ́ tán. Nígbà tí wọ́n ń gbìn, n kò ní èbù. Ọjà ni mo ti rà á, díẹ̀ báyìí ló kù kí irú ti ìyá wa parẹ́.

Ẹ sì rántí ìtàn Awoléjẹ, babaláwo tó fi ìfẹ́ pe ọba Èjìgbò ní "ẹni tó jẹ iyán". Àwọn ẹ̀ṣọ́ nà án, wọ́n tì í mọ́lé. Ìlú le, àwọn obìnrin kò bímọ, ẹṣin ọba kò rí koríko jẹ. Ìgbà tí wọ́n tú u sílẹ̀, tí wọ́n bẹ̀ ẹ́, ni nǹkan tó rọ̀. Òun ló ní kí ará ìlú máa fi pàṣán àtòrì na ara wọn lọ́dọọdún. Òṣólò àti Òkè Mápó ló ń pàdé títí dòní. Ará Salvador náà mú àtòrì dání. Wọ́n yí ọjọ́ padà, ṣùgbọ́n wọn ò yí ètò: omi Òṣàlá ní í ṣíwájú, odó ní í tẹ̀ lé e.

Mo pe àbúrò mi padà. Mo ní, "Ní Ọ̀pẹ, a ó gún iyán, a ó sì jọ yọ̀, àmọ́ kì í ṣe ọdún. Tó o bá fẹ́ ọdún, kó àwọn ọmọ wá nígbà ìsinmi gígùn." Kò sọ̀rọ̀ fúngbà díẹ̀. Ó ní òun á rán àkọ́bí òun wá.

Ọmọ náà dé ní oṣù Ògún, tó ń fi Faransé dá sí Yorùbá. Òun ló fọwọ́ ara rẹ̀ kó erùpẹ̀ padà sórí ebè mẹ́fà. Nígbà tó bá bàbá rẹ̀ wálé ní Ọ̀pẹ, ọgbà ló kọ́kọ́ sáré lọ. Ó tú ebè, ó ń ka èbù sókè, bàbá rẹ̀ ń gbà á sínú agbọ̀n.

Ẹ̀yin ará, bí ẹ kò tilẹ̀ ní ju ebè méjì lẹ́yìnkùlé, ẹ má jẹ́ kí àgbà nìkan wà á. Ẹ jẹ́ kí ọmọdé kó erùpẹ̀ padà. Ògìyán á jẹ́ kí èbù wa pọ̀ lọ́dún tó ń bọ̀. Àṣẹ.