RÉLÙWÉÈ KÒ DÉ ÌLÁ, ṢÙGBỌ́N ẸRÙ ÌLÁ Ń DÉ ÈBÚTÉ ÈKÓ

Àwọn àgbà ní ọ̀nà kan ò wọ ọjà. Ẹ̀yin ìyá ọlọ́jà, ẹ̀yin oníṣẹ́ ọwọ́, òótọ́ ni o. Àmọ́ ìgbà kan wà tó jẹ́ pé ọ̀nà kan ṣoṣo ló yá jù wọ ọjà Òyìnbó láti ilẹ̀ Ọ̀ṣun, ojú irin rélùwéè sì ni. Òṣogbo rí i, Ìkìrun rí i, Òkukù rí i. Ìlá-Ọ̀ràngún ńkọ́? Ìlá ń gbọ́ fèrè rẹ̀ lẹ́nu èèyàn ni.

NÍGBÀ TÍ Ọ̀NÀ ETÍ ÒKUN DI OGUN

Ìlá wà nínú Èkìtì Parapọ̀ tó dojú kọ Ìbàdàn nígbà ogun Kírìjì. Ọ̀kan nínú ohun tó ń dá ìjà sílẹ̀ láyé ọjọ́un ni ọ̀nà etí òkun, nítorí ibẹ̀ ni iyọ̀, ìbọn àti ẹ̀tù ń gbà wọlé. Ẹni tó bá di ọ̀nà mú, ọrùn ọjà ló dì mú yẹn.

Ọdún 1886 ni wọ́n tọwọ́ bọ ìwé àlàáfíà. Nígbà tó fi máa di 1896, Òyìnbó ti bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ́ irin láti Ìddó l'Ékòó. Kì í ṣe pé wọ́n fẹ́ràn wa jù. Epo, ekùrọ́ àti òwú ni wọ́n fẹ́ kó dé èbúté láì pẹ́ lọ́nà. Irin dé Ìbàdàn ní ìparí ọdún 1900, ó dé Òṣogbo ní 1907, ó gba Ìkìrun, Òkukù àti Ọ̀fà kọjá, ó sì wọ Ìlọrin ní 1908. Ní 1912, wọ́n pa rélùwéè Èkó pọ̀ mọ́ ti Òkè Ọya, ó di ọ̀kan ṣoṣo títí dé Kánò.

Èbúté fúnra rẹ̀ ní wàhálà tirẹ̀. Iyanrìn dí ẹnu omi Èkó, ọkọ̀ òkun ńlá kò lè wọlé. Ojú agbami ni wọ́n ń dúró sí, ọkọ̀ kéékèèké á wá máa kó ẹrù lọ bá wọn. Ìgbà tí wọ́n kó òkúta ńláńlá dí ẹ̀gbẹ́ omi tí wọ́n sì wa iyanrìn kúrò ni ọkọ̀ ńlá tó bẹ̀rẹ̀ sí í wọlé, ní nǹkan bí ọdún 1914. Nígbà tí wọ́n parí wọ́ọ̀fù Àpápá ní 1926, irin lọ títí dé ẹ̀gbẹ́ ọkọ̀ òkun. Àpò kòkó tó bá wọ rélùwéè l'Óṣogbo lè dé ibẹ̀ láì fojú kan ọ̀nà mọ́tò.

ÈRÈ KÚRÒ LỌ́WỌ́ ẸNI TÓ RU Ú

Ojú irin kò yà sí Ìlá. Láti Òkukù, Ọ̀fà ló dorí kọ. Kí mọ́tò tó pọ̀, orí ni ará Ìlá, Òkè-Ìlá àti Ọ̀rà fi ń ru ẹrù lọ síbi tí irin wà.

Ẹ jẹ́ ká ṣe ìṣirò ọlọ́jà díẹ̀. Ìyá tó ń gbé l'Óṣogbo, bí ajẹ́ńtì bá dá iye tí kò tó fún ekùrọ́ rẹ̀, á gbé e padà sílé, á tún gbé e jáde lọ́jọ́ mìíràn. Ìyá tó wá láti Ìlá ńkọ́? Ọrùn ti wọ̀ ọ́, ó ti sanwó aláàárù, oúnjẹ ọ̀nà ti tán. Kò ní ru ẹrù náà padà, ajẹ́ńtì náà sì mọ̀ bẹ́ẹ̀. Iye tí wọ́n bá fún un ló máa gbà. Ọjà kan náà ni, èbúté kan náà ló ń lọ, ṣùgbọ́n èrè wọn kì í ṣe ọ̀kan. Kì í ṣe bí òkun ṣe jìnnà tó ló ń pa èrè, bí ibùdókọ̀ ṣe jìnnà tó ni.

IṢẸ́ ŃLÁ NI

Irin kan ṣoṣo ni ọkọ̀ tó ń lọ àti èyí tó ń bọ̀ jọ ń tọ̀. Awakọ̀ kò gbọdọ̀ ṣí kúrò láì gba àmì àṣẹ lọ́wọ́ ọ̀gá ibùdókọ̀, àìjẹ́bẹ́ẹ̀ orí á kan orí. Níbi tí irin bá ti pé méjì ni ọ̀kan ti ń dúró de èkejì. Èédú ló ń jẹ. Ìlú Òyìnbó ni wọ́n ti ń kó o wá kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í wà á l'Ẹ́núgù ní 1915. Obì ń bá a lọ sókè, màlúù àti àlùbọ́sà ń bá a bọ̀.

Ilé iṣẹ́ rélùwéè ní Èbúté-Mẹ́tta kọ́ ọ̀pọ̀ alágbẹ̀dẹ, káfíńtà àti oníṣẹ́ ẹ̀rọ níṣẹ́. Àwọn òṣìṣẹ́ yìí kì í ṣe ẹni à ń fọwọ́ rọ́ sẹ́yìn. Ní 1945, Michael Imoudu tó jẹ́ olórí ẹgbẹ́ wọn wà lára àwọn tó léwájú nínú ìyanṣẹ́lódì tó lé ní oṣù kan, nítorí owó oṣù kò ká ọjà mọ́.

IRIN TUNTUN Ń BỌ̀, Ẹ LA OJÚ

Nígbà tó yá, irin gbó, ẹ̀rọ bàjẹ́, tírélà gba ẹrù lọ́wọ́ rélùwéè. Ní ìparí 2012 ni ọkọ̀ Èkó sí Kánò tún bẹ̀rẹ̀ lẹ́yìn àtúnṣe. Lásìkò ìjọba Rauf Arẹ́gbẹ́ṣọlá, ìjọba Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun fi ọkọ̀ ojú irin gbé àwọn ọmọ ìpínlẹ̀ náà lọ́fẹ̀ẹ́ láti Èkó wá sílé ọdún. Ó dára, àmọ́ èèyàn ni wọ́n gbé, kì í ṣe àpò kòkó.

Ní June 2021, irin tuntun tó fẹ̀ ju ti àtijọ́ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ láàárín Èkó àti Ìbàdàn, kìlómítà 157, ó sì ní ẹ̀ka tó lọ sí èbúté Àpápá. Ìjọba ní yóò kọjá Òṣogbo lọ sí Kánò, ṣùgbọ́n Ìbàdàn ló dúró sí.

Ìsinsìnyí tí wọn kò tíì tẹ́ ẹ ni ọ̀rọ̀ wà. Níbo ni ibùdókọ̀ tó máa sún mọ́ Ìgbómìnà Ọ̀ṣun yóò wà? Ṣé ilé ìkẹ́rùsí yóò wà níbẹ̀, kí ìyá tó wá láti Ìlá lè fi ẹrù rẹ̀ pamọ́ títí owó ọjà á fi gbé pẹ́ẹ́lí? Ṣé ọ̀nà mọ́tò tó lọ síbẹ̀ yóò ṣeé gbà lójò? Ìyálọ́jà, ẹgbẹ́ oníṣẹ́ ọwọ́ àti àwọn tí a dìbò fún ló yẹ kó béèrè báyìí. Òyìnbó kò bi àwọn ìyá wa ní 1907. Bí wọ́n bá tẹ́ irin tán, a kì í bẹ irin kó yà.