Ta ni olórí ilé? Bí ọ̀rọ̀ ìgbéyàwó ṣe tú ìjọba lọ́yà kan ká ní Côte d'Ivoire

Ní ọjọ́ 14 oṣù kọkànlá ọdún 2012, Ààrẹ Alassane Ouattara ti Côte d'Ivoire tú ìgbìmọ̀ àwọn mínísítà rẹ̀ ká. Kì í ṣe ogun abẹ́lé tó jà lọ́dún tó ṣáájú ló fà á. Ìbéèrè tí tọkọtaya ń bá ara wọn fà nínú yàrá ló ṣe é: ta ni olórí ilé? Ẹni tó wà nípò olóòtú ìjọba lọ́jọ́ náà, Jeannot Ahoussou-Kouadio, lọ́yà ni, òun náà ló sì tún di ipò mínísítà ètò ìdájọ́ mú.

Ọdún 1951 ni wọ́n bí i ní Raviart, ìlú kékeré kan nílẹ̀ àwọn Baoulé, ní gúúsù Bouaké. Abidjan ló ti ṣe iṣẹ́ lọ́yà, ẹgbẹ́ PDCI tí Félix Houphouët-Boigny dá sílẹ̀ ló sì bá ṣe òṣèlú. Nílẹ̀ Nàìjíríà wa, ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan ló ní kọmíṣọ́nnà ètò ìdájọ́ tirẹ̀, òfin sì ní kí onítọ̀hún ti gbàwé lọ́yà fún ọdún 10 ó kéré tán. Wọn ò ní irú ìpínlẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ́hùn-ún. Mínísítà kan ṣoṣo ló ń mójú tó ilé ẹjọ́ láti etí òkun títí dé Bouaké àti àríwá.

Ọ̀rọ̀ Bouaké ò sì kéré. Nígbà tí ọ̀tẹ̀ bẹ́ sílẹ̀ ní ọjọ́ 19 oṣù kẹsàn-án ọdún 2002, àwọn ọlọ̀tẹ̀ gba ìlú náà, wọ́n fi ṣe ibùjókòó wọn. Àwọn adájọ́ kó lọ sí gúúsù. Ẹni tí wọ́n jẹ lówó, ẹni tí onílé lé síta, obìnrin tó fẹ́ kọ ọkọ: kò sí adájọ́ ìjọba tí wọ́n lè tọ̀ lọ. Ìgbà tí wọ́n tọwọ́ bọ̀wé àdéhùn ní Ouagadougou ní oṣù kẹta ọdún 2007 ni ọ̀nà tó là. Ní ọjọ́ 30 oṣù keje ọdún náà, Ààrẹ Laurent Gbagbo àti Guillaume Soro, olórí àwọn ọlọ̀tẹ̀, jọ dáná sun ìbọn ní pápá ìṣeré Bouaké. Soro ti di olóòtú ìjọba nígbà náà. Lẹ́yìn ọdún márùn-ún, ó di olórí ilé aṣòfin, Ahoussou-Kouadio sì bọ́ sí àga tó fi sílẹ̀. Ìgbà tó wà nídìí ètò ìdájọ́ ni wọ́n gbé Gbagbo lọ sí ilé ẹjọ́ ọ̀daràn àgbáyé ní The Hague, ní oṣù kọkànlá ọdún 2011.

Ẹni tí ìyẹn ò gbé ṣubú ni òfin ìgbéyàwó wá dá dúró. Òfin ọjọ́ 7 oṣù kẹwàá ọdún 1964 ti ní kí ọkùnrin má fẹ́ ju ìyàwó kan lọ. Ṣùgbọ́n abala 58 rẹ̀ fi ọkọ ṣe olórí ẹbí. Ọkọ ló ń yan ibi tí wọn yóò gbé, èjìká rẹ̀ sì ni ẹrù gbígbọ́ bùkátà wà jù. Títí kan iṣẹ́ tí ìyàwó ń ṣe, ilé ẹjọ́ lè dá a dúró bí wọ́n bá fi hàn níwájú adájọ́ pé ó ń pa ẹbí lára. Àbá òfin tuntun tí ìjọba gbé síwájú ilé aṣòfin ní kí tọkọtaya jọ máa darí ilé.

Àwọn aṣòfin PDCI, ẹgbẹ́ olóòtú ìjọba fúnra rẹ̀, ló kọ̀ ọ́. Ouattara ní àwọn alájọṣe òun ò ṣọ̀kan, ó sì lé gbogbo mínísítà lọ. Ó dùn mí fún lọ́yà náà. Bí lọ́yà bá pàdánù ẹjọ́, ó lè pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Ta ni mínísítà fẹ́ pe ẹjọ́ sí nígbà tó jẹ́ ará ilé rẹ̀ ló takò ó?

Daniel Kablan Duncan, ọmọ ẹgbẹ́ PDCI bákan náà, ló gba àga. Àwọn aṣòfin gba àbá náà wọlé, ó sì di òfin ní ọjọ́ 25 oṣù kìíní ọdún 2013. Ahoussou-Kouadio ò pòórá o. Ní oṣù kẹrin ọdún 2018, ó di olórí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin àgbà. Orí àga yẹn ló wà nígbà tí òfin ìgbéyàwó tuntun, ti ọjọ́ 26 oṣù kẹfà ọdún 2019, rọ́pò ti 1964, tí àjọdarí ilé sì dúró síbẹ̀.

Nǹkan kan ṣì wà tó yẹ kí àwọn èèyàn wa tó fi Côte d'Ivoire ṣe ilé, àwọn ará Èjìgbò pàápàá, mọ̀. Ìgbéyàwó tí wọ́n bá ṣe lójú aṣojú ìjọba nìkan ni òfin yìí kà sí. Obìnrin lè ti bí ọmọ mẹ́rin fún ọkọ, kó máa tajà lọ́jà Bouaké, kó máa san owó ilé ìwé, kí ááfà ti so yìgì wọn lójú gbogbo mọ̀lẹ́bí. Bí òun àti ọkọ ò bá tíì lọ sí mairie, ìyẹn ọ́fíìsì ìjọba ìlú, kí àwọn méjèèjì tọwọ́ bọ ìwé ńlá tó wà lórí tábìlì níbẹ̀, lójú òfin, kò tíì lọ́kọ.