Túndé Kèlání: Ayàwòrán tí ó di Adarí Eré

Ẹ̀yin ará, ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ ni ń gbé kámẹ́rà nígbà ìsìn ní Onípánù, tí àwọn kan sì rò pé ẹrù lásán ni àwọn ń rù. A fẹ́ kí wọ́n gbọ́ ìtàn ẹni tí ó ṣáájú wọn.

Èkó ni a bí Túndé Kèlání sí ní ọdún 1948, Abẹ́òkúta ni ó sì ti dàgbà. Ó ṣiṣẹ́ ní ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n WNTV ní Ìbàdàn, ó sì kọ́ iṣẹ́ sinimá ní Lọ́ńdọ̀nù.

Ayàwòrán a máa yan ìmọ́lẹ̀ àti ibi tí kámẹ́rà yóò dúró sí; adarí ni ó ń pinnu bí ìtàn yóò ti lọ. Fún ọdún púpọ̀, ìtàn ẹlòmíràn ni Kèlání ń yà. Taxi Driver àti Ìwà wà lára wọn.

Ó ti pé ẹni ọdún 45 nígbà tí ó darí Ti Olúwa Ni Ilẹ̀ ní 1993. Àkọlé náà bá ìbẹ̀rẹ̀ Orin Dáfídì 24 mu. Nínú rẹ̀, ìjòyè kan bá àwọn mìíràn ta ilẹ̀ ọ̀wọ̀, ikú sì bẹ̀rẹ̀ sí í mú wọn. Ní 1999, tí ológun gbé ìjọba fún alágbádá, Ṣaworoidẹ jáde, ó sì bá aláṣẹ tí ó da májẹ̀mú wí.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ wa, ẹ má ṣe kẹ́gàn iṣẹ́ tí ẹ ń bá ẹlòmíràn ṣe. Ibẹ̀ ni ojú ti ń là.