Ta Ló Ń Kórè Wákàtí Yín?
Ìwé ìlàlóye fún àwọn òṣìṣẹ́ ìsọ̀ ní Zoo Road àti Sabon Gari, Kano

Ẹ bi ẹni tó ń bá ọ̀gá tajà ní ìsọ̀ fóònù ní Zoo Road pé èló ló ń gbà lóṣù, á dá yín lóhùn kíá. Ẹ wá bi í pé wákàtí mélòó ló ń tà fún ọ̀gá kí owó náà tó tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́. Ẹ̀rín ni yóò kọ́kọ́ rín. “Bí oníbàárà bá ti tán la máa ń tìlẹ̀kùn.” Torí ìdáhùn yẹn la ṣe tẹ ìwé kékeré yìí.

Àkókò èèyàn jọ ilẹ̀ oko. Ẹni tó ni ín lè yá ẹlòmíì kó fi dáko, kó sì máa gba ìṣákọ́lẹ̀, ṣùgbọ́n kò sí àgbẹ̀ tó máa fi ilẹ̀ sílẹ̀ láìgbin pèrègún sí ẹnu ààlà. Ìwọ̀fà ayé àtijọ́ pàápàá, tó ń fi iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ san èlé owó tí wọ́n yá, mọ ìwọ̀n iṣẹ́ tí òun jẹ olówó; bó bá ti ṣe é tán, ìyókù ọjọ́ di tirẹ̀. Ọmọ ìsọ̀ tí kò jẹ ẹnikẹ́ni ní kọ́bọ̀ wá ń ṣiṣẹ́ láìmọ ibi tí ti ọ̀gá parí sí. Ọ̀rọ̀ ọ̀hún ń ká wa lára.

Ibi tí ààlà wà

Ọ̀pọ̀ èèyàn gbà pé òfin Nàìjíríà ló ní kí àgbàlagbà ṣiṣẹ́ wákàtí mẹ́jọ lóòjọ́. Òfin kò sọ bẹ́ẹ̀. Labour Act, òfin tó ń darí ọ̀rọ̀ ọ̀gá àti òṣìṣẹ́, sọ ní abala 13 pé iye wákàtí iṣẹ́ ni èyí tí ọ̀gá àti òṣìṣẹ́ bá jọ fẹnu kò lé lórí, tàbí èyí tí ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ bá bá àwọn agbanisíṣẹ́ dúnàá-dúrà sí, tàbí èyí tí ìgbìmọ̀ tí ìjọba yàn bá là kalẹ̀. Ohun tó bá lé lórí iye yẹn ni ófàtáìmù.

Ẹ kà á lẹ́ẹ̀kan sí i, nítorí ibẹ̀ gan-an ni wọ́n ti ń rẹ́ wa jẹ. Bí ẹ kò bá fẹnu kò sí iye kankan, kí lẹ fẹ́ fi wọn àlékún? Ẹni tí kò mọ ẹnu ààlà oko rẹ̀ kò lè mọ ìgbà tí wọ́n wọ̀ ọ́.

Abala 7 òfin kan náà ló tún ọ̀rọ̀ náà ṣe: kí oṣù mẹ́ta tó pé lẹ́nu iṣẹ́, ọ̀gá gbọ́dọ̀ fún òṣìṣẹ́ ní ìwé tó sọ irú iṣẹ́, owó rẹ̀, àkókò iṣẹ́ àti ìsinmi. Ẹ fi pẹ̀lẹ́ béèrè fún un. Bí ọ̀gá bá ń fònídónìí fọ̀ladọ́la, ẹ ra ìwé àjákọ kan, kí ẹ máa kọ aago tí ẹ ṣí ìsọ̀ àti aago tí ẹ tì í. Èyí tó tún rọrùn ni kí ẹ máa fi WhatsApp ránṣẹ́ sí ọ̀gá lálaalẹ́: “Ẹ kú iṣẹ́ ọjọ́ òní o, sà. A ti tìlẹ̀kùn, aago mẹ́wàá kọjá ogún ìṣẹ́jú.” Ọmọlúàbí kí ọ̀gá rẹ̀, aago sì ti wà lákọsílẹ̀.

Ìsinmi

Ẹni tó bá ń ṣiṣẹ́ wákàtí mẹ́fà tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ lóòjọ́ ní ẹ̀tọ́ sí ìsinmi tí àpapọ̀ rẹ̀ kò ní dín sí wákàtí kan. Bí àwọn Mùsùlùmí bá lọ kí Jímọ̀, tí Kristẹni kan jókòó ṣọ́ ìsọ̀, iṣẹ́ ni onítọ̀hún ń ṣe. A kì í pe ọdẹ tó ń ṣọ́nà ní ẹni tó sinmi.

Lọ́sẹ̀, ọjọ́ kan odidi, wákàtí 24 láìjá, jẹ́ ti òṣìṣẹ́. Ìbáà jẹ́ Ẹtì, ìbáà jẹ́ Àìkú, ẹ jọ fẹnu kò sí i. Bí ọ̀gá bá mú nínú rẹ̀, kó dá a padà kí ọjọ́ mẹ́rìnlá tó kọjá, tàbí kó san owó ófàtáìmù dípò. Ẹ̀yin télọ̀ mọ ohun tí à ń wí: bí Iléyá bá ku ọ̀sẹ̀ kan, ilẹ̀ á mọ́ bá yín nídìí ẹ̀rọ. A ò ní kí ẹ má rán aṣọ oníbàárà. Ẹ sáà ti ka àwọn ọjọ́ ìsinmi tó bá iṣẹ́ lọ, kí ẹ sì béèrè wọn lẹ́yìn ọdún.

Ẹni tó bá pé ọdún kan lẹ́nu iṣẹ́ ní ọjọ́ iṣẹ́ mẹ́fà, ó kéré tán, láti fi sinmi pẹ̀lú owó rẹ̀ pé. Ọ̀gá kò lè fi owó rọ́pò rẹ̀ níwọ̀n ìgbà tí ẹ ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́. Ìyá tó ń fọ́mọ lọ́yàn ní ààbọ̀ wákàtí lẹ́ẹ̀mejì lóòjọ́, nínú àkókò iṣẹ́.

“Mo pẹ́ dé, wọ́n yọ owó mi”

Adaidaita-sahu há sínú súnkẹrẹ-fàkẹrẹ, ẹ dé lẹ́yìn aago mẹ́jọ, ọ̀gá sì yọ lára owó oṣù yín bí ìtanràn. Abala 5 kò gbà fún ọ̀gá láti yọ owó ìtanràn lára owó òṣìṣẹ́, kódà bí òṣìṣẹ́ bá ti fọwọ́ sí i. Bí ẹ bá mọ̀ọ́mọ̀ ba ọjà jẹ́, tàbí ó bà jẹ́ nítorí àìbìkítà yín, ó lè yọ ìwọ̀n tó bójú mu, ṣùgbọ́n òṣìṣẹ́ ìjọba tó ń bójú tó ọ̀rọ̀ iṣẹ́ gbọ́dọ̀ ti fọwọ́ sí i lórí ìwé ṣáájú.

Àwọn ọmọdé, àti ará ilé

Ọmọ iṣẹ́ tí kò tíì pé ọdún 16 kò gbọ́dọ̀ ṣe ju wákàtí mẹ́rin lọ láìsinmi, kò sì gbọ́dọ̀ ju mẹ́jọ lọ lóòjọ́. Ẹ má fi í ṣiṣẹ́ òru.

Ibì kan wà tí òfin yìí ti jáni kulẹ̀: kò ka mọ̀lẹ́bí ọ̀gá mọ́ òṣìṣẹ́. Bí àǹtí yín bá mú yín wá láti Ìbàdàn tàbí Ògbómọ̀ṣọ́ kí ẹ wá bá a tajà ní Sabon Gari, àwọn àgbà ilé ni kí ẹ jẹ́ kó jókòó sí ọ̀rọ̀ wákàtí náà kí ẹ tó wọ mọ́tò.

Ibi tí ẹ lè lọ

Iléeṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ tó ń rí sí ọ̀rọ̀ iṣẹ́ ní ọ́fíìsì ní Kano. Àwọn alábẹ̀wò wọn láṣẹ láti wọ ibi iṣẹ́, lọ́sàn-án tàbí lóru, kí wọ́n sì yẹ ìwé ibẹ̀ wò. Bí ọ̀rọ̀ bá kọjá ìyẹn, National Industrial Court ní ẹ̀ka ní Kano. Ẹ mú ìwé àjákọ yín dání, pẹ̀lú fóònù tí àwọn àtẹ̀jíṣẹ́ náà wà lórí rẹ̀. Bí ẹ kò bá tíì ní ìkankan, ẹ kọ ti alẹ́ òní kí ẹ tó kúrò ní ìsọ̀.