Ta Ní Ń Ki Ọmọ Náà?

Ní ọdún díẹ̀ sẹ́yìn, mo pe ọmọbìnrin kan ní ọ̀lẹ lójú gbogbo kíláàsì. Ó máa ń sùn lórí tábìlì. Ohun tí mo kọ́ ọ lánàá, kì í rántí rẹ̀ lónìí. Bí mo bá sì gbé ohùn sókè, yóò fi apá bo orí bí ẹni tí pàṣán ń bọ̀ wá bá. Lẹ́yìn oṣù púpọ̀ ni mo tó gbọ́ pé láti kékeré ni ó ti wà nílé ẹlòmíràn, níbi tí wọn kì í pe orúkọ rẹ̀ àfi tí wọ́n bá fẹ́ rán an níṣẹ́. Ojú tì mí. Ohun tí mo pè ní ọ̀lẹ, ọgbẹ́ inú ọpọlọ lè ni.

A bí wa pẹ̀lú ọpọlọ tí iṣẹ́ rẹ̀ kò tíì parí. Kí ọmọ tó pé ọdún 3, ọpọlọ rẹ̀ yóò ti tó nǹkan bí ìdá 80 nínú ọgọ́rùn-ún ti àgbàlagbà. Oúnjẹ nìkan kọ́ ni ó ń mú un dàgbà. Nígbà tí ìyá bá ki ọmọ rẹ̀ ní òwúrọ̀, tí ó pè é ní Àbẹ̀kẹ́ tàbí Àkànní, tí ọmọ rẹ́rìn-ín, tí ìyá sì dá a lóhùn, àwọn okùn tín-ín-rín inú ọpọlọ ń so mọ́ ara wọn. Èyí tí a ń lò a máa lágbára, èyí tí a pa tì a sì máa parẹ́. Ní ti ọmọ tí ń gbé nínú ìbẹ̀rù, ara rẹ̀ kì í yé tú oje kan tí a ń pè ní cortisol sílẹ̀. Bí ó bá pẹ́, oje yìí lè ba apá ọpọlọ tí ń ṣiṣẹ́ ìrántí jẹ́, nígbà tí apá tí ń ṣọ́ ewu kò ní sùn mọ́. Irú ọmọ bẹ́ẹ̀ ń wo ọwọ́ olùkọ́, kò gbọ́ ẹ̀kọ́ rẹ̀.

Níbo ni a ti rí ẹ̀rí pé àìkọbiara-sí-ọmọ nìkan lè pa ọpọlọ lára? Ní Romania ni. Nígbà tí ìjọba Ceausescu ṣubú ní oṣù Kejìlá ọdún 1989, ayé rí i pé ọmọ tí ó lé ní 100,000 wà nínú àwọn ilé ìtọ́jú ìjọba. Àwọn olùtọ́jú ń pààrọ̀ ara wọn, ọmọ kò sì ní ẹnì kan tí ó lè pè ní tirẹ̀. Ní ọdún 2000, Charles Nelson, Nathan Fox àti Charles Zeanah bẹ̀rẹ̀ ìwádìí lórí ọmọ 136 ní Bucarest. Wọ́n ṣẹ́ kèké: ìdajì lọ sọ́dọ̀ òbí alágbàtọ́, ìdajì wà lábẹ́ ìtọ́jú ti tẹ́lẹ̀. Nígbà tí wọ́n di ọmọ ọdún 8, iná tín-ín-rín tí ń ṣiṣẹ́ nínú ọpọlọ àwọn tí ó rí alágbàtọ́ kí wọ́n tó pé ọdún 2 ti jọ ti ọmọ tí òbí rẹ̀ tọ́. Ti àwọn yòókù kò rí bẹ́ẹ̀.

Àwọn àgbà wa ní ẹnì kan ní í bímọ, igba ènìyàn ní í bá a tọ́ ọ. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n láàrin igba náà, ó gbọ́dọ̀ ku ẹnì kan tí ọmọ yóò mọ̀ pé tòun nìyí. Àṣà fífi ọmọ sọ́dọ̀ ẹbí ti gba ọ̀pọ̀ là láàrin wa, ní Kétu, ní Ṣábẹ̀ àti ní Àjàṣẹ́. Ọjọ́ tí ọmọ náà di ẹrú ilé, tí àwọn ará wa Fọ̀n ń pè ní vidomègon, ni àṣà náà bàjẹ́. Òfin Ọmọdé tí Bẹ̀nẹ̀ ṣe ní ọdún 2015 ti ka nína ọmọ léèwọ̀ nílé àti nílé-ìwé. Ṣùgbọ́n òfin kò lè bá wa ki ọmọ.

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í pe ọmọbìnrin yẹn ní oríkì rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà kíláàsì láràárọ̀. Ó tó ọ̀sẹ̀ mélòó kan kí ó tó gbé ojú sókè wò mí. Àtúnṣe tí ó pẹ́ a máa ṣòro, ṣùgbọ́n ó sàn ju kí a má ṣe é rárá lọ.

Ẹ̀yin òǹkàwé mi, ọmọ ẹlòmíràn tí ń pọnmi nílé yín, kí ni oríkì rẹ̀?