Ìwé òru tí àgbẹ̀ méjìdínlógún tẹ̀ka sí ní Ṣáínà

Ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́. Ebi yìí náà ló mú káwọn àgbẹ̀ abúlé Xiaogang, ní ìpínlẹ̀ Anhui lórílẹ̀-èdè Ṣáínà, fẹ̀mí ara wọn wewu lọ́dún 1978.

Báyìí lọ̀rọ̀ ọ̀hún ṣe bẹ̀rẹ̀. Lọ́dún 1958, ìjọba Mao Zedong kó gbogbo àgbẹ̀ pọ̀ sínú oko àpapọ̀. Ilẹ̀ kì í ṣe ti ẹnì kan mọ́, màlúù kì í ṣe ti ẹnì kan. Àwọn ọ̀gá tó wà ní ọ́fíìsì ló ń sọ ohun tí wọn yóò gbìn àti iye tí wọn yóò kó fún ìjọba. Máàkì ni wọ́n ń fún àgbẹ̀ lójúmọ́, ẹni tó ṣiṣẹ́ làágùn àtẹni tó kàn fara ti ọkọ́, máàkì wọn kì í fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀. Àwọn ọ̀gá tún ń parọ́ pé ìkórè pọ̀, ìjọba sì ń tìtorí irọ́ náà kó ọkà lọ. Láàárín 1959 sí 1961, ebi pa ọ̀pọ̀ mílíọ̀nù èèyàn, Anhui sì wà lára ibi tó ti le jù.

Ní Xiaogang, ṣe ni wọ́n máa ń kórè tán tí wọ́n á tún lọ ṣagbe.

Nígbà tó sú wọn, àwọn olórí ilé forí korí lóru lápá ìparí 1978. Yan Hongchang kọ ìwé àdéhùn: kí wọ́n pín ilẹ̀, kí ìdílé kọ̀ọ̀kan dá oko tiẹ̀, kó fún ìjọba ní tiẹ̀, kó kó èyí tó kù sílé. Bí wọ́n bá mú ẹnikẹ́ni, tó ṣẹ̀wọ̀n tàbí tí wọ́n pa á, àwọn tó kù yóò bá a tọ́ ọmọ rẹ̀ títí dé ọdún méjìdínlógún. Wọ́n bá tẹ̀ka sí i.

Lọ́dún 1979, ọkà pọ̀ débi tí àṣírí fi tú. Àwọn aláṣẹ kan fárígá, ṣùgbọ́n Wan Li, olórí ẹgbẹ́ òṣèlú ìjọba ní Anhui, dáàbò bò wọ́n. Ní 1980, Deng Xiaoping yin ètò náà. Kí 1984 tó parí, oko àpapọ̀ ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tán nílẹ̀ Ṣáínà.

Títí dòní, ilẹ̀ kì í ṣe ti àgbẹ̀ níbẹ̀, lílò ló ní. Ilẹ̀ àná ni, ọkọ́ àná ni, èèyàn àná náà ni. Ohun tó yí padà ni pé ẹni tó làágùn mọ̀ pé òun ni yóò jẹ ẹ́.