GÀRÍ ÀTI OWÓ ÌLÚ
Àsọyé lórí Iṣẹ́ Oúnjẹ Kan ní Ilẹ̀ Yorùbá



Nígbà tí a bá ń sọ̀rọ̀ nípa ohun tí ó ń mú owó wọ ilẹ̀ Yorùbá, kòkó ni a máa ń kọ́kọ́ dárúkọ, lẹ́yìn rẹ̀ epo pupa àti èkùrọ́. Kò wọ́pọ̀ kí ẹnikẹ́ni dárúkọ gàrí. Ìdí rẹ̀ kò jìnnà: ohun tí a ń jẹ lójoojúmọ́ kì í sábà ní ọ̀wọ̀ lójú ẹni. Àní ní ọjọ́ ìkórè pàápàá, iṣu ńlá, ọ̀gẹ̀dẹ̀ àti ọsàn ni a máa ń tò síwájú pẹpẹ. Ẹni tí ó bá gbé gàrí wá a máa rọra gbé e sí ẹ̀yìn. Síbẹ̀, láti ìgbà tí ìlú ńlá ti ń kún fún àwọn tí ń ṣiṣẹ́ gba owó, gàrí ni ó ti ń gbé wọn ró. Àwọn obìnrin tí ń ṣe é ni kò sì tí ì rí èrè tí ó tó iṣẹ́ wọn. Ọ̀rọ̀ yìí ni mo fẹ́ là yé yín.

Gbágùúdá, tí àwọn mìíràn ń pè ní ẹ̀gẹ́ tàbí pákí, kì í ṣe ohun ọ̀gbìn ilẹ̀ wa láti ìpilẹ̀ṣẹ̀. Gúúsù ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni ilé rẹ̀, níbi tí àwọn ọmọ ìbílẹ̀ Bràsíìlì ti ń rin ín, tí wọ́n ń fún omi rẹ̀ dànù, tí wọ́n sì ń yan án lórí iná, kí òyìnbó kankan tó fi ẹsẹ̀ tẹ ibẹ̀. Àwọn Potogí ni wọ́n gbé e kọjá òkun wá sí etíkun Áfíríkà ní ọ̀rúndún kẹrìndínlógún. Ṣùgbọ́n ohun ọ̀gbìn lè dé kí ìmọ̀ rẹ̀ má tí ì dé. Gbágùúdá kíkorò ní májèlé nínú, ẹni tí kò bá sì mọ bí a ti ń ṣe é yóò yẹra fún un. Ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, pàápàá lẹ́yìn ọ̀tẹ̀ àwọn ẹrú Mùsùlùmí ní Bahia ní ọdún 1835, ọ̀pọ̀ nínú àwọn ènìyàn wa tí a ti kó lẹ́rú lọ sí Bràsíìlì bẹ̀rẹ̀ sí í padà sí Èkó, Àgbádárìgì, Àjàṣẹ́ àti Ouidah. Àwọn ni a ń pè ní Àgùdà. Ìyẹ̀fun gbágùúdá yíyan ni oúnjẹ ẹrú ní Bràsíìlì, nítorí náà wọ́n mọ iṣẹ́ náà dájú, wọ́n sì wà lára àwọn tí ó tan ìmọ̀ rẹ̀ kálẹ̀ ní etíkun wa. Báyìí ni oúnjẹ oko-ẹrú ṣe di òwò àwọn òmìnira.

Ẹ jẹ́ kí a wá wo iṣẹ́ náà fínnífínní, nítorí inú rẹ̀ ni gbogbo ọ̀ràn owó wà. Bí a bá hú gbágùúdá tán, ọjọ́ méjì tàbí mẹ́ta péré ni ó ní kí inú rẹ̀ tó bẹ̀rẹ̀ sí í dúdú, kí ó sì bàjẹ́. A lè tọ́jú iṣu fún oṣù mélòó kan. Àgbàdo gbígbẹ lè dúró di ọdún tí ń bọ̀. Ṣùgbọ́n gbágùúdá kì í dúró de ẹnikẹ́ni. Ju ìdajì ìwọ̀n rẹ̀ lọ ni ó jẹ́ omi, nítorí náà ẹni tí ó bá rù ú láti oko lọ sí Èkó, omi ni ó rù jù lọ. Ó di dandan kí a sọ ọ́ di nǹkan mìíràn nítòsí oko, ìdí sì nìyí tí iṣẹ́ gàrí fi jẹ́ iṣẹ́ abúlé láti ìbẹ̀rẹ̀ wá.

A ó bó èèpo rẹ̀, a ó fọ̀ ọ́, a ó sì rin ín. Nínú rírin yìí ni ọgbọ́n ńlá wà. Májèlé gbágùúdá so mọ́ irú ṣúgà kan nínú ara rẹ̀, kò sì lè kúrò níwọ̀n ìgbà tí ara náà bá wà lódindi. Bí a bá ti rin ín kúnná, èròjà mìíràn tí ó wà nínú gbágùúdá kan náà yóò pàdé ṣúgà yìí, yóò sì tú u, májèlé yóò sì bá omi àti ooru lọ. Àwọn ìyá wa kò mọ orúkọ tí àwọn onímọ̀ ìjìnlẹ̀ fún àwọn èròjà wọ̀nyí, ṣùgbọ́n wọ́n mọ̀ pé ẹni tí kò rin ín dáradára, tí kò sì fún un ní àyè láti kan, ń fi ẹ̀mí ṣeré.

Lẹ́yìn rírin, a ó dà á sínú àpò ìdọ̀họ, a ó di ẹnu rẹ̀, a ó sì gbé òkúta lé e lórí, tàbí kí a fi igi àti okùn fún un pọ̀. Ní òde òní, jáàkì tí a fi ń gbé mọ́tò ni ọ̀pọ̀lọpọ̀ ń lò. Omi yóò máa sun jáde, gàrí yóò sì máa kan nínú àpò. Àwọn Ìjẹ̀bú a máa fi í sílẹ̀ fún ọjọ́ mẹ́ta, mẹ́rin, tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, òun ni gàrí wọn fi kan, tí ó sì fi dára láti fi omi tútù mu. Nígbà tí ó bá gbẹ, a ó fọ́ ọ, a ó fi ajọ̀ jọ̀ ọ́, a ó sì yan án nínú agbada gbígbóná. Obìnrin yóò jókòó ti iná, nínú èéfín, yóò máa fi àfọ́kù igbá dà á síhìn-ín sọ́hùn-ún láìsinmi, nítorí bí ó bá gbójú kúrò díẹ̀, yóò dì tàbí kí ó jóná. (Èmi kò sọ̀rọ̀ nípa láfún àwọn Ẹ̀gbá, tàbí pupuru àwọn Ìkálẹ̀ àti Ìlàjẹ. Kì í ṣe pé mo kẹ́gàn wọn. Àkókò ni kò sí.)

Nínú 100 kìlógíráàmù gbágùúdá tí a hú, nǹkan bí 20 sí 25 kìlógíráàmù gàrí ni yóò kù. Ṣùgbọ́n èyí tí ó kù yìí, bí omi kò bá kàn án, lè wà fún ọ̀pọ̀ oṣù. Ohun tí kò lè pé ọjọ́ mẹ́ta ti di ohun tí a lè fi ọkọ̀ gbé lọ sí ibikíbi, kí a sì tà á nígbàkúgbà. Ọwọ́ obìnrin ni ó mú ìyípadà yìí wá, òun sì ni iye tí ó wà lórí gàrí.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún ogún, rélùwéè ti so Èkó mọ́ Abẹ́òkúta àti Ìbàdàn, ọkọ̀ ojú omi sì ń ná ọ̀nà ọ̀sà láti Ẹ̀pẹ́ àti Èjìnrìn wá sí Èbúté Èrò. Àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin ń wọ Èkó láti di lébìrà, akọ̀wé, àti òṣìṣẹ́ rélùwéè. Ẹ ro irú ayé tí ọ̀kan nínú wọn ń gbé: yàrá kan tí ó háyà, kò sí ìyàwó, kò sí oko, kò sí àyè ìdáná. Iṣu ń fẹ́ ìkòkò, odó àti ọmọ odó; ọ̀kà ń fẹ́ omi gbígbóná àti apá tí ó le. Gàrí nìkan ni kò tilẹ̀ béèrè iná. Omi tútù àti ẹ̀pà díẹ̀, ọkùnrin náà ti jẹun. Ẹ̀yin tí ẹ gbé ilé-ẹ̀kọ́ níbi tí a ń sùn sí kò nílò ẹlẹ́rìí lórí ọ̀ràn yìí. Nítorí pé oúnjẹ yìí pọ̀, tí kò sì wọ́n, ó ṣeé ṣe fún agbanisíṣẹ́ láti san owó kékeré kí òṣìṣẹ́ má sì kú. Bí a bá wò ó dáradára, obìnrin abúlé tí ń yan gàrí ń bá ìjọba àti àwọn oníṣòwò ńlá san lára owó òṣìṣẹ́ wọn, ẹnikẹ́ni kò sì kọ ọ́ sínú ìwé owó kankan.

Kò sí ìgbà tí èyí hàn gbangba tó ìgbà Ogun Àgbáyé Kejì. Oúnjẹ gbówó lórí ní Èkó, ìjọba Gẹ̀ẹ́sì sì fi Captain A. P. Pullen ṣe alábòójútó oúnjẹ. Wọ́n dá iye lé gàrí àti oúnjẹ mìíràn, wọ́n sì fi òfin de ẹnikẹ́ni tí ó bá tà á jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àwọn ìyá ọlọ́jà Èkó, tí Àlímótù Pẹlẹ́wùrà jẹ́ olórí wọn, kọ̀ jálẹ̀. Gàrí sá kúrò ní ọjà gbangba, ó wọ kọ̀rọ̀, ẹni tí ó bá sì fẹ́ ẹ níbẹ̀ yóò san ju iye òfin lọ. Ní ọdún 1945 ìjọba jáwọ́ nínú ìlànà náà. Ní ọdún kan náà ni àwọn òṣìṣẹ́ Nàìjíríà da iṣẹ́ sílẹ̀ fún ohun tí ó ju oṣù kan lọ, nítorí pé owó wọn kò ká ọjà mọ́. Èmi kò rò pé ènìyàn búburú ni Pullen. Ó fẹ́ kí tálákà jẹun. Ṣùgbọ́n ẹnu tí ń jẹ ni ó wò; kò wo ọwọ́ tí ń yan.

Ọ̀ràn yìí ṣì wà láàrin wa. Bí gàrí bá wọ́n, ọmọ tálákà yóò fi ebi sùn ní Mushin àti Ajégúnlẹ̀. Bí ó bá pọ̀ tí kò sì níye lórí, obìnrin tí ó ṣe é kò ní rí owó ilé-ìwé ọmọ rẹ̀ san. Nínú àwọn méjèèjì, ta ni kí a pa lára? Ìdáhùn tèmi ni pé kò yẹ kí á pa ẹnì kankan lára, bí a bá lè wá ibi tí owó náà ń jò gbà.

Ibi àkọ́kọ́ ni ojú ọ̀nà. Nítorí pé gbágùúdá kò lè dúró, ẹni tí ó hú u kò ní agbára láti bá ẹni tí ó fẹ́ rà á ná an pẹ́. Bí mọ́tò bá rì sínú ẹrẹ̀ lónìí, iye tí a ó san fún un lọ́la ti dín. Ibi kejì ni òṣùwọ̀n. Alárobọ̀ a máa fi àpò ra gàrí ní abúlé, àpò náà a sì máa ga sókè lọ́dọọdún bí ẹni pé ó ń dàgbà. Ní ìlú, kóńgò ni a fi ń wọ̀n ọ́n tà, ìdí kóńgò ẹlòmíràn a sì máa wọ inú bí ìdí ìgò. Àpò ń tóbi níbi tí a ti ń rà, kóńgò ń kéré níbi tí a ti ń tà. Àyè tí ó wà láàrin méjèèjì kì í ṣe ti obìnrin tí ń yan gàrí.

Ibi kẹta ni ẹ̀rọ. Ní àtijọ́, agolo tí a fi ìṣó lu ni a fi ń rin gbágùúdá, ó sì máa ń bó àwọn obìnrin lọ́wọ́. Ní àwọn ọdún 1930 ni àwọn Faransé mú ẹ̀rọ ìrin wọ Dahomey, tí ó ti di Orílẹ̀-èdè Benin láti ọdún 1975. Lẹ́yìn náà irú rẹ̀ tàn kálẹ̀ ní ilẹ̀ wa. Ìbùkún ni ẹ̀rọ yìí, èmi kò ní gbọ́ kí ẹnikẹ́ni sọ pé kí á padà sí agolo. Ṣùgbọ́n ẹ kíyè sí i: iṣẹ́ kan ṣoṣo ni ó gbà lọ́wọ́ obìnrin. Bíbó àti yíyan wà síbẹ̀, wọ́n tilẹ̀ pọ̀ sí i, nítorí ẹ̀rọ tí ó lè rin púpọ̀ ń fẹ́ èyí tí a ti bó púpọ̀. Ọkùnrin ni ó sábà ni ẹ̀rọ náà, a sì ń san owó fún un kí a tó mọ̀ bóyá gàrí yóò tà.

Nígbà tí èrè bá kéré báyìí, ọwọ́ a máa yá láti gé iṣẹ́ kúrú. Àwọn kan ń yan gàrí tí kò tí ì kan tó, kí wọ́n lè tètè dé ọjà. Ewu wà nínú èyí. Ní ọdún 1968, Ọ̀jọ̀gbọ́n B. O. Òṣúntòkun ti Yunifásítì Ìbàdàn kọ̀wé lórí àìsàn iṣan kan tí ó ń sọ ẹsẹ̀ ènìyàn di aláìlágbára, tí ó sì ń ba ojú àti etí jẹ́. Ó so ó mọ́ jíjẹ gbágùúdá lọ́pọ̀lọpọ̀ pẹ̀lú àìtó oúnjẹ amúnidàgbà. Gàrí kò ní ohun tí ń mú ara dàgbà tó, nítorí náà ẹni tí ó bá ń fi ẹ̀wà, ẹja tàbí ẹ̀pà tì í lẹ́yìn ń ṣe ara rẹ̀ ní oore.

Ìjọba kò ṣàì gbìyànjú. Ní àwọn ọdún 1970, kòkòrò funfun kan tí ó ti Gúúsù Amẹ́ríkà wá bẹ̀rẹ̀ sí í run gbágùúdá ní àáríngbùngbùn Áfíríkà, ó sì dé ọ̀dọ̀ wa. Àwọn onímọ̀ ní ilé ìwádìí IITA ní Ìbàdàn, èyí tí a dá sílẹ̀ ní ọdún 1967, mú agbọ́n tíntìnní kan wá láti Paraguay tí ó ń pa kòkòrò náà, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í tú u sílẹ̀ ní ọdún 1981. Hans Herren tí ó darí iṣẹ́ náà gba Ẹ̀bùn Oúnjẹ Àgbáyé ní ọdún 1995. Láìsí agbọ́n yìí, èmi kò mọ ohun tí Èkó ìbá jẹ. Ní ọdún 2002, ìjọba Ààrẹ Ọbásanjọ́ bẹ̀rẹ̀ ètò ńlá lórí gbágùúdá, láti tà á sí òkè òkun, láti fi ṣe sítáàṣì, àti láti pò ó mọ́ ìyẹ̀fun búrẹ́dì. Àwọn àgbẹ̀ gbìn ín. Láàrin ọdún mélòó kan, ọ̀pọ̀ nínú wọn kò rí olùrà. Ilé-iṣẹ́ ńlá ni ètò náà ń wò, nígbà tí ó jẹ́ pé ibi ìyan-gàrí ni púpọ̀ nínú gbágùúdá náà ń lọ.

Orílẹ̀-èdè wa ni ó ń gbin gbágùúdá jù lọ ní gbogbo ayé, nǹkan bí 60 mílíọ̀nù tọ́ọ̀nù lọ́dún. Táílàndì ń gbin nǹkan bí ìdajì rẹ̀, síbẹ̀ ohun tí wọ́n ń rí lórí sarè ilẹ̀ kan ju ìlọ́po méjì tiwa lọ, àwọn ni ó sì ń tà á fún ayé jù lọ. Nínú ọ̀rọ̀ yìí ni ìdáhùn sí ìbéèrè wa wà: bí oko kan náà bá so ìlọ́po méjì, gàrí lè rọjú ní ìlú kí owó má sì dín lọ́wọ́ ẹni tí ó ṣe é.

Ṣùgbọ́n kí irúgbìn rere tó dé gbogbo oko, àwọn obìnrin ti ń ṣe ohun kan níbòmíràn tí ó yẹ kí á mọ̀. Wọ́n kó ara wọn jọ bí ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù, wọ́n ra ẹ̀rọ ìrin tiwọn, wọ́n mọ ààrò tí ẹnu iná rẹ̀ wà lẹ́yìn ògiri kí èéfín má baà wọ̀ wọ́n lójú, wọ́n sì ń fi ìwọ̀n kìlógíráàmù ta gàrí wọn. Ẹgbẹ́ ìyá tí ó lè dá èésú ra aṣọ ìkórè lè dá èésú fún ẹ̀rọ pẹ̀lú. Ẹ́ńjìnnì kékeré kan ni ó ń fẹ́, àti ìlù onírin tí a fi ìṣó lu, àti alágbẹ̀dẹ kan nítòsí tí yóò máa tún un ṣe.